Orúkọ Tí Màmá Àgbà Kò Gbọdọ̀ Pè

Ẹ má tíì bi mí lórúkọ. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ ròyìn ohun tí ojú mi rí. Tí mo bá sọ ọ́ tán, ẹ̀yin fúnra yín á mọ ìdí tí orúkọ mi kò fi sí níbẹ̀.

Mi ò ní torí èyí purọ́. Kí ni mo fẹ́ rí gbà nínú rẹ̀? Ìyá mi wà láàyè ní àdúgbò Plateau ní Ṣábẹ níbí, ẹ lè lọ bi í, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní dá yín lóhùn. Ohùn tí mo gbà sílẹ̀ náà wà nínú ẹ̀rọ mi, kò ju ìṣẹ́jú kan àti díẹ̀ lọ. Ẹni mẹ́ta ni mo ti jẹ́ kó gbọ́ ọ. Ẹnìkan ní òun ò gbọ́ nǹkan kan. Àwọn méjì yòókù gbọ́, wọn ò sì bá mi sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ mọ́.

Kì í ṣe òru o. Ọ̀sán gangan ni, oòrùn wà ní àárín orí, adìẹ ń jẹ̀ lóde. Ẹni tó bá rò pé òru nìkan ni irú nǹkan báyìí ń rìn, kó lọ bi àwọn àgbà ilé rẹ̀.

Rédíò ni mo ń bá ṣiṣẹ́ ní ìlú Ṣábẹ. Mò ń ka ìròyìn lédè wa, mò ń kéde òkú àti ìkómọjáde, bí ẹ̀rọ bá sì dákẹ́, èmi náà ni mò ń tú u palẹ̀, torí ẹni tí wọ́n gbà fún un kì í wá. Ọdún mẹ́rìnlá rèé. Tantí ni gbogbo ènìyàn ń pè mí níbẹ̀, àtọmọdé àtàgbà. Etí mi mú dáadáa. Ẹnu mi náà mú, ìyá mi sì ti ń sọ ọ́ láti kékeré pé ẹnu yìí ni yóò kó mi sí ìjàngbọ̀n. Kò kúkú parọ́.

Lọ́dún tó kọjá, nígbà tí èso kajú bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n, ọmọbìnrin kan wá bá mi ní rédíò. Ẹlódì lorúkọ rẹ̀. Ọmọ Kaboua ni bàbá rẹ̀, ṣùgbọ́n ilẹ̀ Faransé ni wọ́n bí i sí, ibẹ̀ ló dàgbà sí. Nínú èdè wa, kò gbọ́ ju "ẹ káàárọ̀" àti "ó dàbọ̀" lọ, èyí tó sì gbọ́ yẹn, ó ń gé e ní ìrù. Faransé la fi ń bára wa sọ̀rọ̀.

Ó ní òun fẹ́ ṣe sinimá kékeré kan, òun sì ń wá ẹni tó máa bá òun gba ohùn, tó máa túmọ̀ ọ̀rọ̀. Mo ní irú sinimá wo? Ó ní kò ní olè nínú, kò ní ọlọ́pàá, kò ní ìyàwó àti ìyá ọkọ tó ń jà. Ẹnu ènìyàn nìkan ni yóò hàn. Á ní kí wọ́n pe orúkọ ẹnìkan tí wọn ò tíì pè láti ọjọ́ pípẹ́, á fi kámẹ́rà ya ẹnu wọn bí wọ́n ṣe ń pè é, ó parí. Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní ta ló fẹ́ jókòó wo ìyẹn.

Kò bínú. Ó wá sọ ti bàbá rẹ̀ fún mi. Ó ní nígbà tí àìsàn dé bá a lọ́hùn-ún, ó gbàgbé Faransé. Ẹni tó ti ń sọ ọ́ fún ogójì ọdún, kò mọ bí wọ́n ṣe ń tọrọ omi mọ́. Èdè ilé ló kù sí i lẹ́nu, kò sì sẹ́ni tó gbọ́ ọ nínú ilé náà. Ọmọ rẹ̀ á jókòó tì í, á máa wo ẹnu rẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló ń tún sọ títí tó fi kú, ọmọ náà fi tẹlifóònù gbà á sílẹ̀. Ó jẹ́ kí n gbọ́ ọ. Ohùn ọkùnrin tó ti rẹ̀ ni, ó ń sọ pé, "Adúmáadán wà lẹ́nu ọ̀nà."

Ẹ gbà mí gbọ́, àánú ṣe mí. Mo ní mo gba iṣẹ́ náà.

Ẹlódì ti bi àwọn ará ilé bàbá rẹ̀ léèrè. Wọ́n ní Adúmáadán ni àbúrò bàbá bàbá rẹ̀ obìnrin, ọmọ nǹkan bí ọdún mẹ́rìnlá tí ibà ọjọ́ mẹ́ta pa, ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Ó ti kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ gàdàgbà gàdàgbà: Adúmáadán. Ó ní orúkọ náà ni yóò parí sinimá náà.

Ibẹ̀ ni ó yẹ kí n ti panu mọ́. Ṣùgbọ́n ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo ní, "Ìyẹn kì í ṣe orúkọ."

Ẹ̀yin mọ àṣà wa. Ìyàwó tó bá wọlé ọkọ, gbogbo ọmọ tó bá bá nínú ilé náà, ọkọ rẹ̀ ni wọ́n, ìbáà jẹ́ ọmọ tó ṣì ń rákòrò. Kò gbọdọ̀ pè wọ́n lórúkọ. Á wá ohun tí á máa pè wọ́n: èyí tó tẹ́ẹ́rẹ́, Òpéléńgẹ́, èyí tó ń lọ sílé ìwé, Akọ́wé, èyí tó dúdú tí ara rẹ̀ ń dán, Adúmáadán. Ìyàwó ló pe ọmọ náà bẹ́ẹ̀. Àwọn òbí rẹ̀ sọ ọ́ lórúkọ lọ́jọ́ kẹjọ bíi ti gbogbo wa.

Ẹlódì wò mí. Ó ní, kí wá ni orúkọ rẹ̀?

Ó pe gbogbo ẹbí lórí tẹlifóònù, kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n. Wọ́n ní nígbà tí ọmọ náà kú, ìgbàkígbà tí wọ́n bá pe orúkọ náà, ìyá rẹ̀ á sáré jáde lọ wo ẹnu ọ̀nà. Bàbá rẹ̀ wá pàṣẹ pé ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ pè é mọ́ nínú ilé náà. Wọ́n pa àṣẹ náà mọ́. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti kú tán, kò ní fọ́tò, kò ní ìwé ìbí. Ẹnìkan ló kù tó bá a gbé nínú ilé: Màmá Àgbà, ìyá tó bí bàbá Ẹlódì, òun gan-an ni ìyàwó tó sọ ọ́ ní Adúmáadán. Màmá Àgbà ti darúgbó kùjọ́kùjọ́, iyè rẹ̀ ń lọ ó ń bọ̀. Bó bá lọ láì sọ ọ́, kò sẹ́ni tó máa lè pe ọmọ náà mọ́ láyé. Ohun tí a torí ẹ̀ lọ sí Kaboua nìyẹn.

Alùpùpù zẹ́mí méjì ló gbé wa lọ. Eruku bò wá, gbogbo ọ̀nà ń rùn kajú. Ìyá Ràfíù ló pàdé wa níbẹ̀, ìyàwó àbíkẹ́yìn Màmá Àgbà, òun ló ń tọ́jú rẹ̀. Àwọn yòókù ti lọ sóko. Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà, mo kí ilé, wọ́n ní káàbọ̀, a wọlé.

Màmá Àgbà jókòó sórí ẹní nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó fẹ̀yìn ti ògiri, ojú rẹ̀ kọ sí ilẹ̀kùn ẹ̀yìnkùlé. Etí rẹ̀ ti di gan-an, àfi kéèyàn fẹnu sí i kó sì pariwo. Mo kúnlẹ̀. Ó di ọwọ́ mi mú, ó bi mí ní ohun tí gbogbo àgbà Ṣábẹ ń béèrè.

"Ọmọ ta ni ọ́?"

Mo dárúkọ bàbá mi àti bàbá tó bí i, mo sọ agboolé wa. Ó mọ̀ wọ́n. Ó kì mí ní oríkì ilé wa dé ibi tí èmi alára ò gbọ́ rí. Kò béèrè orúkọ mi, èmi náà ò sì sọ ọ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ìyẹn sọ́kàn.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ yẹn, mo fẹnu sí etí rẹ̀, mo bi í ní orúkọ Adúmáadán. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi jáde lójú rẹ̀. Ó ní ìyàwó ni òun, ṣé mo fẹ́ kí wọ́n lé òun kúrò nílé ọkọ òun ni? Ọkọ náà ti kú láti ọjọ́ tó pẹ́, ìyá ọkọ ti kú, bàbá ọkọ ti kú. Ìyàwó ṣì ni. Ẹlódì ń wo ẹnu rẹ̀ nínú kámẹ́rà bí ìgbà tó ń wo ti bàbá rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni Màmá yí ojú sí ilẹ̀kùn ẹ̀yìnkùlé. Ó rẹ ohùn sílẹ̀.

"Má bínú, Adúmáadán. Mo gbọ́ ọ."

Mo wo ibẹ̀. Oòrùn ni mo rí, àti ìkòkò omi, àti okùn tí wọ́n sá aṣọ sí.

Ìyá Ràfíù fà mí lọ sí ẹ̀gbẹ́ ibi ìdáná. Ó ní ojoojúmọ́ ni, bí oòrùn bá ti kan àtàrí. Ó ní láti ìgbà òjò tó kọjá ni Màmá ti ń bá ẹnìkan sọ̀rọ̀ lẹ́nu ilẹ̀kùn yẹn, á máa bẹ̀ ẹ́, á máa sunkún, kò ní jẹun. Mo ní kí ni ẹni náà ń fẹ́? Ó wo ẹ̀yìn rẹ̀ kó tó dáhùn.

"Màmá ní ọmọ náà ti gbàgbé orúkọ ara rẹ̀."

Kí n sọ òótọ́, mo fọwọ́ rọ́ ọ sẹ́yìn. Mo ní ọjọ́ ogbó ni. Èmi tí mò ń kéde òkú lójoojúmọ́, bí mo bá ní kí n máa bẹ̀rù wọn, iṣẹ́ wo ni mo fẹ́ ṣe?

Lọ́jọ́ kejì ni mo ṣe ohun tí mo ṣe.

Àwa tí à ń gba ohùn, bí a bá parí iṣẹ́ níbì kan, a máa ń gba ìdákẹ́jẹ́ ibẹ̀ sílẹ̀. Ìdákẹ́jẹ́ yàrá kan ò jọ ti èkejì, bí wọ́n bá sì ń to ohùn pọ̀ lẹ́yìn náà, wọ́n á fi dí àwọn àlàfo. Nítorí náà, gbogbo ènìyàn á dúró sójú kan fún ìṣẹ́jú kan, kò sẹ́ni tó gbọdọ̀ rìn. Ṣùgbọ́n kí n tó bẹ̀rẹ̀, mo ní àṣà kan tí rédíò kọ́ mi. Mo máa ń sọ ibi tí a wà àti ohun tí a fẹ́ gbà sínú mikrò, màá sì fi orúkọ mi tì í, kí àwọn tó ń tọ́jú ohùn lè mọ ẹni tó gbà á. Mo máa ń sọ ọ́ kíákíá lábẹ́ ohùn, ẹni tó wà nítòsí pàápàá lè má gbọ́.

Nǹkan bí aago kan ọ̀sán ni. Mo ní kí Ìyá Ràfíù lé àwọn adìẹ, kó sì dúró síta. Ẹlódì wà lẹ́yìn kámẹ́rà. Mo fi agbọ́hùn bo etí méjèèjì. Mo ní, "Kaboua, ọ̀dẹ̀dẹ̀ Màmá Àgbà, ìdákẹ́jẹ́." Mo wá sọ orúkọ mi, orúkọ àbísọ mi gan-an, lódindi.

Mo dákẹ́.

Mo gbọ́ páànù òrùlé tó ń ta nínú oòrùn. Mo gbọ́ eṣinṣin. Mo gbọ́ èémí Màmá Àgbà, ó ń wọlé ó ń jáde díẹ̀díẹ̀. Mò ń ka ìṣẹ́jú àáyá lọ́kàn mi. Nígbà tí mo ka ogún, mo gbọ́ èémí kejì.

Ẹni tí etí rẹ̀ ti mọ iṣẹ́ yìí lára máa ń mọ ibi tí ohùn ti wá. Èémí náà kò ti ọ̀dọ̀ Ẹlódì wá. Ẹ̀bá ilẹ̀kùn ẹ̀yìnkùlé ni.

Ó wá sọ̀rọ̀. Ohùn ọmọbìnrin ni, ó kéré. Ó pe ààbọ̀ orúkọ mi, ó dúró. Ó tún un pè. Bí ẹni ń tọ́ ọbẹ̀ wò ló ṣe ń pè é. Ó pe ààbọ̀ kejì. Lẹ́yìn náà ó so wọ́n pọ̀, ó pè é pé, ó sì fa ìparí rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ìyá ìyá mi ṣe máa ń fà á. Àwa ìsinsìnyí kì í fà á bẹ́ẹ̀ mọ́. Mi ò tíì gbọ́ kí wọ́n pe orúkọ mi báyẹn láti ìgbà tí mo wà lọ́mọ ọdún méje.

Mo ṣí agbọ́hùn kúrò létí. Kò sí nǹkan kan. Páànù ń ta, eṣinṣin ń kùn. Mo dá a padà sétí, mo gbọ́ ọ tó ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín ọmọ tí nǹkan rẹ̀ tó sọnù padà bọ́ sí i lọ́wọ́. Mo wá gbọ́ ẹsẹ̀ tó sáré gba inú iyanrìn ẹ̀yìnkùlé lọ.

Ẹ ò ní gbà mí gbọ́ lórí èyí, àmọ́ ẹ̀rù kọ́ ló kọ́kọ́ bà mí. Ó wù mí kí n tún un gbọ́. Mo fẹ́ mọ ẹni tó kọ́ ọ ní bí wọ́n ṣe ń fà á. Ìgbà tí mo wẹ̀yìn, tí mo rí i pé Ẹlódì ṣì dúró gbagidi, tí kò mọ̀ pé ohunkóhun ṣẹlẹ̀, ìgbà yẹn ni ẹ̀rù tó wá bà mí, mo pa ẹ̀rọ. Màmá Àgbà ń wo ilẹ̀kùn, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, mo ní kí Ẹlódì gbọ́ ọ. Ó gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀mẹta. Ó ní Tantí, ìdákẹ́jẹ́ lásán ni, ó dára gan-an. Mo ti rò ó títí. Bóyá ẹni tí kò gbọ́ èdè wa kò lè gbọ́ ọ ni. Mi ò mọ̀.

Lọ́jọ́ kẹta, Màmá Àgbà ló ránṣẹ́ pè wá fúnra rẹ̀. A bá a tó ti wẹ̀, tó ti jẹ ẹ̀kọ tán, tí iyè rẹ̀ mọ́ kedere. Ó ní kí n gbé nǹkan ìgbohùn mi súnmọ́ òun. Ẹlódì ya kámẹ́rà sí ẹnu rẹ̀.

"Gbogbo ẹni tó lè bá mi wí ti lọ," Màmá sọ ọ́ jẹ́jẹ́. "Adúmáadán wá lánàá. Ó ní òun ti rántí. Ó ní kí n pe òun, kí òun lè máa lọ."

Ó nu ẹnu rẹ̀. Ó wo apá ọ̀tún, ó wo apá òsì, bí ìyàwó tuntun tó fẹ́ bu ẹran nínú ìkòkò ìyá ọkọ. Ó wá tẹ̀ síwájú, ó sọ orúkọ náà sínú mikrò.

Orúkọ mi ni.

Ó fa ìparí rẹ̀.

Ẹlódì kò mọ̀, Tantí ni òun náà ń pè mí. Ó tú sẹ́kún ayọ̀. Ó rọ̀ mọ́ ìyá bàbá rẹ̀, ó ń pe orúkọ náà léraléra, kò gé e ní ìrù lọ́tẹ̀ yìí. Màmá Àgbà ń fọwọ́ pa á lórí. Báwo ni mo ṣe fẹ́ bà á jẹ́ lójú wọn? Ọmọ tó ti ilẹ̀ Faransé wá nítorí ọ̀rọ̀ kan tí bàbá rẹ̀ sọ. Mo bojú wo ẹ̀rọ mi, mò ń yí bọ́tìnì tí kò nílò yíyí.

Ṣùgbọ́n Ìyá Ràfíù mọ orúkọ mi, a ti mọra lọ́jà Ṣábẹ tipẹ́. Ó wà lẹ́nu ọ̀nà, ó ti gbọ́ ọ. Nígbà tó ń sìn wá dé ojú títì, ó jẹ́ kí Ẹlódì máa lọ níwájú.

"Kí lo sọ nínú ilé yẹn lánàá?"

Mo sọ fún un, mo sì fi agbọ́hùn sí i létí. Kò gbọ́ ọ dópin tó fi bọ́ ọ. Ó ká ọwọ́ lérí.

"A kì í sọ orúkọ fún ẹni tí kò ní tirẹ̀."

Ó yí padà, ó gba ilé lọ. Títí dòní, bó bá rí mi lọ́jà Ṣábẹ, á kí mi dáadáa, á bi mí ní àlàáfíà ilé. Kò bá mi sọ ọ̀rọ̀ yẹn mọ́.

Láti ọjọ́ náà, kò sẹ́ni tó wá sẹ́nu ilẹ̀kùn Màmá Àgbà mọ́. Wọ́n ní ó ń jẹun, ó ń sùn. Kò pé ọjọ́ mẹ́wàá lẹ́yìn rẹ̀ tó fi sùn tí kò jí. Èmi ni mo kéde òkú rẹ̀ lórí rédíò. Mo ní àwọn tó gbẹ̀yìn rẹ̀ ni àwọn ọmọ, àwọn ọmọ ọmọ, àti àwọn ọkọ rẹ̀ kéékèèké.

Mo lọ bá ìyá mi. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Mo bi í pé ṣé ẹnìkan ti jẹ́ orúkọ mi rí ní Kaboua, ní ilé èyíkéyìí tó mọ̀. Ó ní òun ò gbọ́ rí. Ó ní ṣùgbọ́n kì í ṣe orúkọ tó ṣọ̀wọ́n, mélòó ni òun fẹ́ mọ̀? Mo wá fi ohùn náà sí i létí. Mò ń wo ojú rẹ̀. Ìyá mi kì í tètè bẹ̀rù. Nígbà tí ó dé ibi tí wọ́n ti so orúkọ náà pọ̀, ó dìde lórí ìjókòó, ó wo ẹnu ọ̀nà.

"Pa á," ló sọ.

Láti ọjọ́ yẹn, kò pe orúkọ mi mọ́. Kò sọ pé òun ò ní pè é, ó kàn dáwọ́ rẹ̀ dúró ni. Ọmọ mi, ló ń pè mí báyìí. Ó ń bá mi jẹun, ó ń bá mi ṣàwàdà, ó ń bú mi bí mo bá pẹ́ wọlé, àmọ́ kò pè mí. Mo mọ ìdí rẹ̀. Kò fẹ́ pè mí kí ẹlòmíràn dá a lóhùn. Ó dùn mí, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe rí. Ó dùn mí ju ohùn tí mo gbọ́ lọ. Mo sì máa ń rántí ìyá ọmọ yẹn tó ń sáré jáde lọ wo ẹnu ọ̀nà, títí tí wọ́n fi ní kí wọ́n má pè é mọ́.

Ẹlódì parí sinimá rẹ̀. Kó tó parí rẹ̀, ó ní kí n fi orúkọ mi gan-an ránṣẹ́ kí òun lè kọ ọ́ mọ́ àwọn òṣìṣẹ́. Mo fi ránṣẹ́. Ó pè mí lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, ẹnu yà á. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, orúkọ kan náà ni, ó ń ṣẹlẹ̀. Ó ní ó dára, òun á kọ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì: lẹ́ẹ̀kan fún ọmọ náà, lẹ́ẹ̀kan fún Tantí.

Ó wá fi í hàn wá ní Ṣábẹ, ní àgbàlá ilé ìwé kan, wọ́n ta aṣọ funfun sí ara ògiri ní ìbẹ̀rẹ̀ alẹ́ kí àwọn ọmọ tó lọ sùn. Ẹnu ni a rí, ẹnu, ẹnu. Ọkùnrin tó ń ta aṣọ lọ́jà, tó ti Nàìjíríà wá, pe ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́. Obìnrin kan pe ìbejì rẹ̀. Àwọn ènìyàn tí mo rò pé wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n ń nu ojú. Ní ìparí, ojú aṣọ náà dúdú, a gbọ́ Màmá Àgbà tó pe orúkọ náà. Ó wá jáde ní lẹ́tà funfun, òun nìkan.

Lẹ́yìn náà ni orúkọ àwọn òṣìṣẹ́. Ẹni tó ya àwòrán, orúkọ rẹ̀ wà níbẹ̀. Ẹni tó gé e tó sì tò ó pọ̀, ó wà níbẹ̀. Wọ́n kọ "ohùn", iwájú rẹ̀ sì ṣófo.

Ẹlódì búra fún mi. Ó fi ìwé rẹ̀ hàn mí, lẹ́ẹ̀mejì ló kọ ọ́ lóòótọ́. Ó ní òun á tún un ṣe. Àwọn ará ìlú ń bọ̀ mí lọ́wọ́, wọ́n ní ọlá ńlá ni wọ́n ṣe fún mi, wọ́n fi orúkọ mi parí sinimá. Kí ni mo fẹ́ sọ? Mo dúpẹ́.

Mo ti rò ó síhìn-ín, mo ti rò ó sọ́hùn-ún. Ó lè jẹ́ pé orúkọ kan náà ni wọ́n sọ àwa méjèèjì lóòótọ́, pé bí mo ṣe sọ ọ́ lábẹ́ ohùn ló rán ọmọ náà létí, tí òun náà fi rí tirẹ̀ gbà. Bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, oore ni mo ṣe. Ó lè jẹ́ pé Màmá Àgbà gbọ́ mi, bí etí rẹ̀ ṣe di tó yẹn. Tàbí kó jẹ́ pé ọmọ náà dúró lẹ́nu ọ̀nà fún ọgọ́ta ọdún láì ní nǹkan kan, tí èmi ẹlẹ́nu mímú wọlé, tí mo gbé tèmi kalẹ̀ níwájú rẹ̀. Bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, a jẹ́ pé tirẹ̀ ti bá Màmá lọ sínú ilẹ̀, kò sì sẹ́ni tó máa mọ̀ ọ́n láéláé. Mi ò lè bínú sí i. Ọmọ ọdún mẹ́rìnlá ni. Àmọ́ ó wù mí kí n mọ̀.

Nítorí náà, bí ẹ bá wọ ilé àtijọ́, ẹ kí ilé. Bí wọ́n bá bi yín, ẹ sọ ọmọ ẹni tí ẹ jẹ́. Ìdí nìyẹn tí àwọn àgbà wa fi ń béèrè ìyẹn ṣáájú. Orúkọ yín, ẹ fi í pamọ́ sẹ́nu títí ẹ ó fi ka iye ẹni tó wà níbẹ̀ tán.

Ní tèmi, bí wọ́n bá fi orúkọ yẹn pè mí lọ́sàn-án, n kì í yára dáhùn mọ́. Mo máa ń dúró díẹ̀ ná, mo máa ń tẹ́tí. Ẹ̀ẹ̀mejì ni ẹnìkan ti jẹ́ "hẹ̀n" kí n tó la ẹnu.